Mo Ti Gba Béèlì Rẹ Kí Wọ́n Tó Mú Ọ

Wosilat ọmọ mi,

Ṣé ara le, ṣé oòrùn ọ̀hún kò pa ọ́ lára jù? Kí Ọlọ́run má jẹ́ kí ẹsẹ̀ rẹ kọ ní Deira tí o ti ń rajà, kí ó sì ṣọ́ ọ ní Sharjah tí ò ń sùn sí. Ara èmi le, ìyá rẹ ń kí ọ, ewúrẹ́ dúdú yẹn ti bí ọmọ méjì. Ṣùgbọ́n mi ò lè jókòó, ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni mo ti dìde nídìí lẹ́tà yìí. Nígbà tí o pè mí ní ilé fóònù lọ́sẹ̀ tó kọjá, tí o parí ọ̀rọ̀ tí o ní "khalas", mo ṣe àmín torí mo rò pé àdúrà ni, àfi ìgbà tí Ààfáà Sàká sọ fún mi pé ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé ó ti tán. Wosilat, kí ló tán?

Bí mo ṣe sọ fún ọ lórí fóònù, Mùlíkàt tí ẹ jọ ń ṣòwò ti lọ bá ọlọ́pàá pé páálí aago ọwọ́ kan kò sí nínú ẹrù tí ẹ jọ kó dé Èkó, ó ní ìwọ lo jí i. Àwọn ọlọ́pàá wá ọ wá sílé, wọ́n ní bí o bá ti ń sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ òfúrufú ni àwọn máa mú ọ. Mo bá gba ọ̀dọ̀ Lọ́yà Olúṣẹ̀san lọ. Ó ní èèyàn lè tọrọ béèlì kí wọ́n tó mú un. Mo ní báwo ni wọ́n ṣe ń tú ẹni tí wọn ò tíì dè? Ó ní kí n ṣáà wọ aṣọ tó mọ́.

Lọ́jọ́ kóòtù, mo dọ̀bálẹ̀ fún adájọ́, bó tilẹ̀ jẹ́ pé mo lè bí i lọ́mọ, wọ́n ní kí n dìde. Lọ́yà ìjọba ní kí wọ́n má fún ọ ní béèlì torí o ti sá lọ. Lọ́yà wa ní ọjà lo lọ rà, ó kó ẹ̀dà ìwé ìrìnnà rẹ tí o fi fáàsì ránṣẹ́ jáde, mo ṣì ń ronú bí ìwé ṣe gba inú wáyà kọjá tí kò rún. Adájọ́ fi ìka ka òǹtẹ̀ inú rẹ̀: ẹ̀ẹ̀mẹjọ lo lọ, ẹ̀ẹ̀meje lo padà. Ó ní inú ẹyọ kan tó kù yẹn ni ọ̀rọ̀ wà. Ó bèèrè bóyá o ti ṣẹ̀wọ̀n rí, bóyá ìjà wà láàárín ìwọ àti Mùlíkàt tẹ́lẹ̀, bóyá o lè lọ dẹ́rù ba àwọn tó máa jẹ́rìí. Ó bèèrè ibi tí ò ń gbé, èmi ni mo dáhùn kí lọ́yà tó la ẹnu. Mo ní bẹ́ẹ̀dì kan lo háyà ní Al Qasimia ní Sharjah, tí wọ́n ń pè ní bedspace, obìnrin mẹ́ta mìíràn ló wà nínú yàrá, tìrẹ ló sún mọ́ fèrèsé. Adájọ́ ní bẹ́ẹ̀dì kì í ṣe àdírẹ́sì, ta ló ní ilé níbí tó lè fi dúró fún ọ? Mo ní èmi ni.

Mo ti múra láti fi Kùránì búra pé ọmọ mi kì í jalè. Kò sẹ́ni tó bi mí. Adájọ́ ní ọjọ́ mìíràn ni wọ́n máa wádìí ẹni tó mú aago, tòní ni pé bí wọ́n bá pè ọ́, ṣé wàá jẹ́. Ó wá fún ọ ní béèlì, pẹ̀lú ọjọ́ mọ́kànlélógún láti fi ẹsẹ̀ ara rẹ rìn lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá, kí o dáhùn ìbéèrè wọn, kí o sì fi ìwé ìrìnnà sílẹ̀. Bí o ò bá yọjú, béèlì bàjẹ́, ilé tí mo fi dúró fún ọ sì di ti ìjọba. Ìyá rẹ kò tíì mọ̀ nípa ti ilé. Ọjọ́ márùn-ún ti lọ níbẹ̀.

Waheed tí mo fi lẹ́tà yìí rán ní òun gbọ́ pé ò ń wá iṣẹ́ ilé ní Mirdif lọ́hùn-ún. Ẹni tó ń bọ̀ wálé, kí ló ń fi iṣẹ́ ṣe níbẹ̀?

Èmi náà kò bi ọ́ nípa aago, mi ò sì ní bi ọ́ nínú ìwé. Wá sọ ọ́ lójú mi. Owó tí mo fẹ́ tọrọ kò pọ̀, owó ọkọ̀ tí mo máa fi wá pàdé rẹ ní Èkó ni. Bí ó bá dé ọwọ́ mi, màá mọ̀ pé ò ń bọ̀. Bí o ò bá ní bọ̀, má wulẹ̀ fi ránṣẹ́.

Ọlọ́run á bo àṣírí rẹ, á sì fi ọ̀nà ilé hàn ọ́.

Bàbá rẹ,
Àmúsà