Ṣáájú-Iná Gbọ́ Ìdájọ́ Kó Tó Lọ

Sí ìyàwó olóògbé, àwọn ọmọ rẹ̀ obìnrin méjèèjì, àti gbogbo ẹbí,

Pẹ̀lú omijé lójú àti orí wíwú ni Ẹgbẹ́ Àwọn Òṣìṣẹ́ Panápaná fi ń kọ̀wé sí yín lórí ikú awakọ̀ àgbà wa, ẹni tí gbogbo ibùdó mọ̀ sí Ṣáájú-Iná. Ó yẹ kí lẹ́tà ìkẹ́dùn rọra sọ̀rọ̀. Ẹ foríjì wá bí èyí bá ń sáré. Ohun tí ọkùnrin yìí ṣe kò jẹ́ ká lè rọra.

Ọdún mẹ́tàlélógún ló fi wa ọkọ̀ panápaná. Kí agogo ìpè tó dákẹ́, ó ti wà nídìí ọkọ̀. Ibẹ̀ ni orúkọ yẹn ti wá. Àmọ́ nígbà tó fẹ́ ṣe ìdánwò ìgbéga sípò ọ̀gá, wọ́n dá fọ́ọ̀mù rẹ̀ padà. Iléeṣẹ́ ní àwọn ọdún tí èèyàn bá lò nídìí ọkọ̀ kì í ṣe ọdún iṣẹ́ panápaná, nítorí náà kò lẹ́tọ̀ọ́ sí ìdánwò. Awakọ̀ mọ́kànlélọ́gbọ̀n mìíràn ló gba irú ìwé bẹ́ẹ̀ lọ́sẹ̀ yẹn. Àwọn kan sunkún, àwọn kan gba kámú. Òun ka ìwé náà lẹ́ẹ̀mejì, ó ká a sápò, ó sì gba yàrá ìkẹ́rùsí lọ.

Ẹ̀yin ìyàwó rẹ̀ lẹ mọ bó ṣe ń wọlé nígbà yẹn, tí eruku ìwé àtijọ́ bo gbogbo irun rẹ̀. Àwọn ìwé ìjáde ló ń wá, èyí tí a máa ń kọ orúkọ gbogbo ẹni tó bá wọ inú ilé tó ń jó sí. Oṣù mẹ́rin gbáko ló fi wá wọn. Ó rí wọn! Orúkọ awakọ̀ kún inú wọn fọ́fọ́. Òun àti ẹgbẹ́ wa sì fi wọ́n pe iléeṣẹ́ lẹ́jọ́.

Lọ́jọ́ tó wọ àpótí ẹlẹ́rìí ní kóòtù, agbẹjọ́rò iléeṣẹ́ dìde sí i.

"Ẹ dá mi lóhùn ní ṣókí, sà. Ṣé awakọ̀ ni yín ni àbí panápaná?"

"Tí mo bá gbé ọkọ̀ dé iwájú ilé tó ń jó, tí ìyá kan ń ké pé ọmọ òun wà ní yàrá òkè, ṣé kí n jókòó sídìí ọkọ̀ kí n máa gbọ́ rédíò ni?"

Kóòtù bú sẹ́rìn-ín. Adájọ́ pàápàá fọwọ́ bo ẹnu. Lẹ́yìn náà ló ní kí wọ́n gbé àwọn ìwé ìjáde náà wá, ó fúnra rẹ̀ ṣí wọn láti ojú ewé dé ojú ewé, kò sì rẹ́rìn-ín mọ́.

Ọ̀rọ̀ kan wà tí bóyá kò sọ nílé. Nígbà tó ku ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kí ẹjọ́ parí, ọ̀gá kan pe òun àti akọ̀wé ẹgbẹ́ wa sí ọ́fíìsì, ó sì ti ilẹ̀kùn. Ó ní iléeṣẹ́ ṣe tán láti gbé Ṣáájú-Iná ga, òun nìkan, tó bá lè jáwọ́ nínú ẹjọ́. Àìsàn kíndìnrín ti wọ̀ ọ́ lára nígbà yẹn, ọdún kan péré ló sì kù kó fẹ̀yìn tì.

"Ẹ ṣeun, sà," ló fi dáhùn. "Ṣùgbọ́n ojú wo ni mo máa fi wo àwọn tó kù lọ́la?"

Ó kí ọ̀gá náà bó ṣe yẹ, ó sì jáde. 

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni ìdájọ́ bọ́ sí, ọjọ́ náà sì jẹ́ orúkọ rẹ̀. Adájọ́ ní ọjọ́ tí èèyàn bá ti wọ aṣọ panápaná ni ọdún iṣẹ́ rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀, ibi yòówù kó jókòó sí nínú ọkọ̀. Ariwo ta! Wọ́n ní ká dákẹ́, ta ló ń gbọ́? Akọ̀wé sáré bọ́ síta, ó pè yín ní ọsibítù tí ọkọ yín dùbúlẹ̀ sí, ẹ sì gbé fóònù sí i létí.

"Ṣáájú-Iná, a ti borí o!"

Ó ní, "Ka orúkọ wọn fún mi."

"Orúkọ ta ni?"

"Gbogbo wọn."

Akọ̀wé dúró sórí àtẹ̀gùn kóòtù nínú oòrùn, ó ń ka orúkọ awakọ̀ méjìlélọ́gbọ̀n náà lọ́kọ̀ọ̀kan. Bó bá ti pe ẹnì kan, ọkọ yín á ní, "Ẹ̀n-ẹ́n!" Nígbà tó kan orúkọ tirẹ̀, ẹ̀rín ló fi dáhùn. Ọjọ́ kẹrin ló dákẹ́.

Kò jókòó fún ìdánwò náà, ìyẹn ló ń dùn wá jù. Àmọ́ ẹ gbọ́ èyí: ẹ̀kọ́ fún ìdánwò bẹ̀rẹ̀ ní gbọ̀ngàn wa lọ́jọ́ Sátidé. Ọgbọ̀n àga la tò sílẹ̀, èèyàn tó lé ní ọgọ́ta ló dé, nítorí ìdájọ́ náà ti ṣí ọ̀nà fún awakọ̀ gbogbo ibùdó. Àwọn kan dúró lójú fèrèsé, wọ́n ń kọ̀wé lórí ẹ̀yìn ara wọn.

Lọ́jọ́ ìsìnkú, ọkọ̀ panápaná tí òun fúnra rẹ̀ wà fún ọdún mẹ́tàlélógún ni yóò gbé e, àwa ni a ó sì rù ú. Ìwé yòówù tó bá yẹ kẹ́ ẹ gbà ní iléeṣẹ́, ẹ má ṣe tò sórí ìlà. Akọ̀wé wa yóò gbé e wá bá yín nílé.

Kí Ọlọ́run bá yín jókòó láwọn òwúrọ̀ tí ilé yóò dákẹ́ jù. Kó ṣe bàbá fún àwọn ọmọbìnrin méjèèjì, kó sì jẹ́ kí ìgbà tẹ́ ẹ máa rántí rẹ̀ tẹ́ ẹ máa rẹ́rìn-ín tètè dé. Àmín.

Ní orúkọ gbogbo ẹgbẹ́,
Akọ̀wé