Fèrè Ìkẹyìn Kòtò Èédú

Ẹ̀yìn Ilé-iṣẹ́ Ọ̀rá,
Ìsọlọ̀, Èkó.

Dádì mi ọ̀wọ́n,

Mo kí yín láti Ìsọlọ̀ o. Mo mọ̀ pé iṣẹ́ Port Harcourt kì í jẹ́ kéèyàn sinmi. Kí Ọlọ́run fún yín lókun, kí oorun yín máa dùn. Ara Mọ́mì le, tèmi náà le. Nítorí Bàbá àgbà ni mo ṣe kọ̀wé.

Ẹ má bínú pé lẹ́tà ni, kì í ṣe fóònù. Láti ọjọ́ tí mo ti fi ohùn pásítọ̀ wa pè yín, tí ẹ ní ẹ ti kúnlẹ̀, tí ẹ ń ṣe àmín títí mo fi bú sẹ́rìn-ín, ẹ ti máa ń pa fóònù tí ẹ bá ti gbọ́ mi. Ìwé ò lóhùn. Èmi gan-an ló ń kọ ọ́.

Àwọn kọngílá ń gbẹ́ gọ́tà ńlá níwájú ilé wa, ibi tí tírélà àwọn ilé-iṣẹ́ ń gbà kọjá. Ó jìn ju èèyàn lọ. Ọjọ́ tí kàtàpílà kọ́kọ́ gbọ́wọ́ sókè, Bàbá àgbà dìde lórí bẹ́ǹṣì, ó yọ gèlè pupa Mọ́mì lórí okùn, ó lọ dúró létí kòtò. Ó ń fì í, ó ń pariwo, "Ẹ sún sẹ́yìn! Wọ́n fẹ́ yin dáínámáìtì!" Àwọn dírẹ́bà sì dúró o! Sherifdeen, fọ́máànù wọn, ní, "Bàbá, ta ló gbà yín síṣẹ́?" Bàbá ní, "Kí wọ́n tó bí ẹ ni wọ́n ti gbà mí."

Ẹ sọ fún wa rí pé ó ṣiṣẹ́ èédú nílẹ̀ Ígálà, ẹ ò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Èmi ti bi í. Ó ní èédú ibẹ̀ ò jìn bíi ti Ẹnúgu tí wọ́n ń wọ abẹ́ ilẹ̀ lọ wà. Ìta gbangba ni wọ́n ti ń gbẹ́ tiwọn. Wọ́n á ṣán igbó, kàtàpílà á họ erùpẹ̀ òkè kúrò, wọ́n á lu ihò sínú àpáta, wọ́n á ki dáínámáìtì bọ̀ ọ́. Fèrè gígùn kan: kí gbogbo èèyàn sá. Kúkúrú mẹ́ta: ewu ti lọ. Láàárín méjèèjì, ẹni tó di àsíá pupa mú, ìyẹn Bàbá, ò gbọdọ̀ kúrò lójú kan. Lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n á kó èédú sínú típà. Ó ní kòtò náà fẹ̀ ju ẹ́sítéètì Jakande lọ, wọ́n gé ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ bí àtẹ̀gùn, típà tó bá wà nísàlẹ̀ a dà bíi páálí ìṣáná. Ibi tí wọ́n bá ti kó tán, erùpẹ̀ ibi tuntun ni wọ́n fi ń dí i. Ó ní èédú tó bá pẹ́ lórí ilẹ̀ a máa dáná sun ara rẹ̀. Mo ní irọ́ ni. Ó ní kí n lọ béèrè.

Ojoojúmọ́ ló ń lọ dúró síbẹ̀ látìgbà náà. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun ọ̀sẹ̀ tó kọjá, tírélà kan ò rí gèlè, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ gbá Bàbá sínú kòtò. Ìyẹn ni Mọ́mì fi pè yín, tí ẹ ní ẹ ń bọ̀ wá mú un lọ sọ́dọ̀ àwọn ẹbí ní Ìkirè, kí wọ́n máa tì í mọ́lé. Orí sípíkà ni fóònù wà. Bàbá náà gbọ́.

Dádì, kì í ṣe oríkunkun. Lọ́jọ́ kejì òjò ń rọ̀, Mọ́mì ń sunkún pé kó wọlé, ó ní, "Ìyàwó mi, fèrè ò tíì dún." Mo ní kó júwe fèrè ọ̀hún. Mo fẹnu ṣe é, ó ní, "Ti rélùwéè nìyẹn." Mo tún un ṣe, ó ní, "Ewúrẹ́ nìyẹn." Nígbà tí mo rí i mú, mo sá sẹ́yìn táǹkì omi, mo fọn kúkúrú mẹ́ta. Bàbá ká gèlè, ó wọlé, ó fọwọ́, ó jẹun. Àtìgbà náà, tí mo bá ti fọn ọ́n nírọ̀lẹ́, ó ti wọlé nìyẹn. (Mo dán gígùn wò lọ́jọ́ kan, gbogbo lébìrà sá jáde nínú kòtò, Sherifdeen lé mi dé Ire-Akari. Ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀.)

Ṣùgbọ́n tílẹ̀ bá mọ́, ó tún padà. Mo bi í pé ìgbà wo ló máa ṣíwọ́ pátápátá. Ó ní ọjọ́ tí iṣẹ́ wọn kú, ẹnì kankan ò sọ fún wọn. Rélùwéè ti ń lo dísẹ́ẹ̀lì, àwọn tó ń ra èédú ò wá mọ́, àwọn ọ̀gá wọ mọ́tò lọ. Òun di àsíá mú títí ilẹ̀ fi ṣú. Fèrè ò dún. Ó ní èèyàn kì í ju àsíá sílẹ̀, ẹni tó fẹ́ gbà á á wá dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ, á ní, "Mo ti gbà á, máa lọlé." Mo ní kó gbé e fún mi. Ó ní, "Alápàárá bíi tìẹ? Wàá fi pa wọ́n ni. Ọmọ mi ni n ó gbé e fún."

Sátidé tí ẹ ń bọ̀ yẹn náà ni wọ́n máa fi kọnkéré bo gọ́tà. Ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ má tíì wọlé di ẹrù rẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ lọ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Sherifdeen ti gbà láti pa kàtàpílà. Èmi á wà lẹ́yìn táǹkì, màá fọn ọ́n. Ẹ gba gèlè, ẹ sọ ọ̀rọ̀ yẹn. Mo mọ ohùn yín ṣe dáadáa, ṣùgbọ́n mi ò fẹ́ fi ìyẹn tan Bàbá. Tó bá tún jáde ní Sọ́ńdè, ẹ máa mú un lọ Ìkirè, mi ò ní jiyàn.

Ọlọ́run á gbé yín dé láyọ̀, ẹ ò ní pàdé aburú lọ́nà, ọwọ́ yín á sì tẹ àsíá náà.

Èmi ni ọmọ yín tí ẹ kì í gbà gbọ́ lórí fóònù,
Ìléríolúwa.

Àfikún: Lánàá, ikọ́ gbé mi níbi tí mo ti ń fọn ìkẹta. Bàbá dúró, ó wo ọ̀kánkán táǹkì. Ó ní, "Fèrè tiwa kì í wúkọ́." Ló bá ká gèlè, ó wọlé.