Bí Wọ́n Ṣe Pe Orúkọ Wa Nínú Bọ́ọ̀sì

Bàbá àgbà mi,

Ẹ má ṣèyọnu, Kraków dára. Mo ń jẹun, otútù ò sì mú mi. Lánàá la lọ sí àgọ́ tí àwọn Násì ti pa àbúrò yín obìnrin nígbà tó ṣì wà lọ́mọdé, ẹni tí ẹ sọ mí lórúkọ rẹ̀. Mo fi òkúta tí ẹ ṣà nínú ọgbà yín síbẹ̀ fún un, bí àṣà àwa Júù.

Nígbà tí a fẹ́ máa bọ̀, Marek, amọ̀nà wa, dìde nínú bọ́ọ̀sì, ó ń nàka sí wa: "Ení, èjì..."

Ìyá arúgbó kan, Bluma, jágbe mọ́ ọn. "Ká ìka yẹn kò. A kì í ka ọmọ èèyàn. Ibí yìí náà ni wọ́n ti ń kà wá láràárọ̀ bí ẹran."

"Ẹ má bínú, Mà. Báwo ni mo ṣe máa mọ̀ pé a ò fi ẹnì kankan sílẹ̀?"

"Ṣebí a lórúkọ."

Ló bá ń pe orúkọ látinú ìwé. Nígbà tó pe "Fruma Lipszyc," mo ní mo wà ńbí. Ohùn ọmọdébìnrin kan sọ bẹ́ẹ̀ tẹ̀ lé mi. Kò sí ọmọdé kankan lọ́dọ̀ wa. Marek wò mí, ó sì fi bírò sàmì sí orúkọ náà lẹ́ẹ̀mejì.

Bóyá ó ti rẹ̀ mí ni. Mo kàn gbé báàgì mi kúrò lórí àga ẹ̀gbẹ́ mi.

Ẹ bá mi kí màmá mi àti gbogbo ará ilé ní Haifa. Àwa méjèèjì ń kí yín.

Fruma