Ẹsẹ̀ Tí Mo Kọ́kọ́ Fún Wọn Yà

Àkọ́bí mi,

Mo kí ọ, mo kí ìyàwó rẹ, mo kí àwọn ọmọ. Ẹni tó ń ṣọ́ àlọ yín kò ní sùn lórí àbọ̀ yín. Ìyá rẹ wà dáadáa, ewúrẹ́ wa bímọ, òrùlé kò jò. Èmi nìkan ni mo jábọ́ lórí àkàbà níbi tí mo ti ń rẹ́ ògiri ilé ìwé. O mọ̀ pé kò sí bíríkìlà tó tó mi ní gbogbo àyíká yìí. Àkàbà ló yẹ̀, kì í ṣe èmi.

Wọ́n gbé mi lọ sọ́sibítù. Ọmọbìnrin tó ń fi ẹ̀rọ ya egungun ní kí n na ẹsẹ̀ tó ń dùn mí. Ọmọ mi, ta ló ń fi ibi tó wú ya fọ́tò? Èmi tí mo fọwọ́ ara mi kọ́lé, tí mo rán ọ níwèé? Mo fa ṣòkòtò bo èyí tó wú, mo na èyí tó dán, mo ní òun nìyẹn.

Dókítà gbé àwòrán náà síwájú iná, ó ní egungun yìí kò lábùkù kankan. Inú mi dùn, mo ní kó pe àwọn dókítà yòókù wá wò ó. Ó fún mi lóògùn ìrora, a padà sílé. Ni ẹsẹ̀ kejì bá ń wú sí i, ó ń dúdú, tí wọ́n bá fọwọ́ kan ọmọ ìka rẹ̀ mi ò mọ̀ mọ́. Ìyá rẹ bá lọ tú àṣírí mi fún dókítà, ohun tí kò kàn án.

Wọ́n wá ya èyí tó wú. Dókítà ní egungun dídá kì í ṣe oríṣi kan: òmíràn kàn sán ni, òmíràn dá sí méjì, òmíràn sì rún. Ó ní tèmi rún. Mo bi í bóyá òun ló ga jù nínú wọn, ó ní òun ló burú jù. Mo ní kó fi símẹ́ńtì funfun tí wọ́n fi ń di ẹsẹ̀ yẹn rẹ́ ẹ, tí kò bá mọ̀ ọ́n pò kí n kọ́ ọ. Ó ní rírẹ́ kò lè mú un dúró, irin ló máa wọnú rẹ̀, tí a bá sì fi falẹ̀, gígé ló kù. Mi ò lè jiyàn ìyẹn, torí èmi náà kò da òpó láìki irin bọ̀ ọ́ rí.

Àárọ̀ ọ̀la ni iṣẹ́ abẹ. Mo ní mi ò ní fọwọ́ síwèé àfi tí mo bá rí ọ. Dókítà ní ẹsẹ̀ kì í dúró de àlejò. Nítorí náà, dírẹ́bà tó mú lẹ́tà yìí wá ń dúró dè ọ́, bá a padà. Mú owó tí a máa fi ra irin náà dání, irin gidi o, kì í ṣe èyí tó ń dípẹtà. Má sọ fún ẹnikẹ́ni pé ẹ̀rù ń bà mí. Ìyá rẹ ni ẹ̀rù ń bà. Ó di apá mi mú, ìyẹn ló jẹ́ kí ìkọ̀wé mi wọ́ báyìí.

O ò ní fẹsẹ̀ kọ lọ́nà. Ibi tí o bá tẹ̀ á gbà ọ́.

Èmi ni, bàbá rẹ, tí mo ṣì ní ẹsẹ̀ méjì bí mo ṣe ń kọ èyí.