Ẹni Tó Darí Sinimá Òkú Agbẹ̀san

Kyoto,
Ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Kẹta.

Sí Ọ̀gá Kuramitsu Tatsuo,

"Fusae kẹ̀? Ọmọ dáadáa ni. Tíì ló ń pò fún wa. Kò mọ ojú kámẹ́rà yàtọ̀ sí ìdí rẹ̀."

Ọ̀rọ̀ tí ẹ sọ nípa mi nìyẹn lójú gbogbo àlejò ilé-iṣẹ́ sinimá wa, tí wọ́n sì rẹ́rìn-ín. Mo kí yín, sà. Òdòdó ìyeyè ti ń tàn níbí. Mo gbàdúrà kí ara yín le gan-an, nítorí mo fẹ́ kí ẹ dé ibi ayẹyẹ tí wọ́n fẹ́ fi yẹ́ yín sí láàyè.

Ẹ darí sinimá àwọn jagunjagun onídà, ti àwọn ọmọ ìta, ti ẹ̀rín àti ti ìfẹ́. Wọ́n dára, n kò jiyàn. Ṣùgbọ́n èyí tí ayé fi mọ̀ yín jù lọ, ti òkú agbẹ̀san, ẹ̀yin kọ́ ni ẹ darí rẹ̀.

Àṣà wa ni pé kí a tó ya sinimá obìnrin tó kú ikú oró, a ó lọ tẹríba níbojì rẹ̀, a ó tọrọ gáfárà. Gbogbo àwa yòókù lọ. Ẹ̀yin jókòó sílé ọtí, ẹ ní kí a bá yín kí i, kí a sọ fún un pé ẹ̀rù òkú kì í ba ọkùnrin. Kò pẹ́ tí iná ńlá tí a fi ń tanná síbi tí a ti ń ya sinimá já bọ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga yín. Ẹ wọ ọkọ̀ ojú irin lọ sí ìlú olómi gbígbóná, ẹ kò sì padà títí a fi yà á tán. Èmi tí mo kọ́ṣẹ́ kámẹ́rà nílé ẹ̀kọ́ gbogboǹṣe ni mo darí ìyókù. Ilé-iṣẹ́ kò fẹ́ gbọ́ orúkọ obìnrin, wọ́n kọ tiyín sí i.

Orie, tó ṣe òkú náà nínú sinimá, ni wọ́n pè láti sọ̀rọ̀ níbi ayẹyẹ yín. Mo lọ kí i. Ó ní, "Ojo yẹn ṣì ń fọ́nnu? Ṣáà gbé mi débẹ̀. Ẹsẹ̀ ló ń dùn mí, ẹnu kọ́."

Ohun tí mo fẹ́ ni pé kí ẹ fi ẹnu ara yín sọ òtítọ́ lórí ìtàgé, kí orúkọ mi sì hàn lójú sinimá náà gẹ́gẹ́ bí olùdarí. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, Orie ni yóò sọ ọ́, títí kan ońdè tí ẹ so mọ́rùn nígbà tí ẹ ń sá lọ.

Kí àwọn baba ńlá yín pa yín mọ́. Kí ohùn yín má ṣe há lọ́jọ́ náà.

Èmi ni igbákejì yín nígbà kan,
Nishiwaki Fusae.

Àfikún: Ẹ má rán ọmọ yín wá bẹ̀ mí, ẹ má sì fi ẹ̀bùn ránṣẹ́. Èsì yín gbọ́dọ̀ dé ọwọ́ mi kí aago méjìlá ọ̀sán ọjọ́ Ẹtì tó ń bọ̀ tó lù.