Màmá, Ta Ló Bi Yín Léèrè?

Màmá mi ọ̀wọ́n, ẹ kú ilé o. Ẹ kú ojú lọ́nà, ẹ kú àárò wa. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja láti òkèèrè níbí, ẹ má sì ní kí n tètè dìde, torí ó ti pẹ́ tí mo ti jẹ yín ní ìdọ̀bálẹ̀ yìí. Mo kí Sídí àbúrò mi tó ń ka lẹ́tà yìí sí yín létí. Mo kí Kàmọ́rù àbúrò mi ní Àkóbọ̀. Mo kí gbogbo ará agboolé wa ní Bẹ́yẹrúnkà, àtẹni tó ń ra ọṣẹ dúdú lọ́wọ́ yín, àtẹni tó kàn wá jókòó síbi ìsọ̀ yín kó lè gbọ́ ìròyìn. Sídí, má fo ìlà kankan o. Mo mọ̀ ẹ́ dáadáa.

Ìdí tí mo fi ní kí wọ́n tẹ lẹ́tà yìí sínú ìwé ìròyìn ni ọ̀rọ̀ ilé tó wà nílẹ̀ láàárín wa. Tí mo bá sọ ọ́ lórí fóònù, Kàmọ́rù á ní ohun tóun gbọ́ nìyí, Sídí á ní ohun tóun gbọ́ nìyẹn. Tó bá wà lórí ìwé, gbogbo wa la jọ kà á. Ẹ mọ ọ̀rọ̀ náà. Èmi àti Kàmọ́rù ti kọ́ ilé tán ní Àkóbọ̀, a fẹ́ kó yín kúrò ní Bẹ́yẹrúnkà kí ọdún tó parí, ẹ sì ti ní ó dáa. Ó yẹ kí inú mi dùn. Ó sì ń dùn náà, títí di ọjọ́ tí mo gbé màmá kan káàkiri ìgbèríko Skọ́tlándì.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ bí iṣẹ́ ṣe ń lọ. Ẹ ò tíì gbàgbé pé Máíkírà ni mò ń wà ní Mọ́lété, tí ẹ máa ń ní kí n má sáré torí ẹ̀mí èèyàn ni mo gbé. Mọ́tò ni mo ṣì ń wà níbí, àmọ́ ó yàtọ̀ sí ti Mọ́lété. Mọ́tò dúdú ńlá kan ni, ó ń dán gbinrin, ẹni tó bá sì háyà ẹ̀ nìkan là ń gbé. Àwọn àlejò tó bá wá sí Edinburgh ló ń háyà wa. Wọ́n á ní ká gbé àwọn lọ wo ilé ọba àtijọ́, odi ogun, àti ṣọ́ọ̀ṣì tí òrùlé ẹ̀ ti ṣí lọ láyé ọjọ́un, èmi náà á sì máa ṣàlàyé fún wọn bí mo ṣe kọ́ ọ. Àárọ̀ la máa ń gbéra, a ó sì padà kí ilẹ̀ tó ṣú. Kò sí agbèrò tó ń pariwo, kò sí èrò tó ń bá mi jà nítorí ṣéńjì. Nígbà míì, mo máa ń ṣàárò ariwo yẹn. Ẹ má dá mi lóhùn.

Ojú ọjọ́ ibí ò nítìjú. Ó lè rọ̀jò, kí oòrùn yọ, kí atẹ́gùn tún gbé fìlà lórí ẹni, kéèyàn tó jẹ búrẹ́dì kan tán. Mo ti ra kóòtù tó nípọn, ẹ̀wù òtútù tí ẹ fi ránṣẹ́ sì máa ń wà lábẹ́ ẹ̀. Owó ń wọlé, Alihamudulilai, kò pọ̀ jù, kò sì kéré jù. Ibi tó ń dùn mí ni ìgbà tí mo bá wọlé tán. Tí mo bá ti ti ilẹ̀kùn yàrá mi, kò tún sẹ́ni tó máa bi mí pé ibo ni mo ti ń bọ̀. Ẹni tó ń gbé òdìkejì mi máa ń rẹ́rìn-ín sí mi lórí àtẹ̀gùn, ó parí síbẹ̀. Mo ti kọ́ ọ ní ẹ káàárọ̀, ó sì ń fi kí mi lálẹ́.

Lọ́jọ́ tí mò ń sọ yìí, màmá ará Kánádà kan àti ọmọ wọn ọkùnrin ló háyà mọ́tò. Màmá náà á máa lọ bí ẹgbẹ́ yín, irun wọn funfun báláú, ọ̀pá ni wọ́n fi ń rìn. Ọmọ yìí ló ṣètò gbogbo ẹ̀ láti ilé: ibi tí a ó kọ́kọ́ dé, ibi tí a ó ti jẹun, ààfin tí a ó fi parí ẹ̀. Ó ní ẹ̀bùn ọjọ́ ìbí ìyá òun ni. Ọmọ gidi ni, mi ò ní purọ́ mọ́ ọn.

Àárọ̀ yẹn náà ni mo ti kọ́kọ́ ṣe àṣìṣe, ẹ̀yin lẹ sì fà á. Ọmọ náà ti fẹ́ wọ iwájú mọ́tò, kó lè máa sọ ọ̀nà tó fẹ́ ká gbà fún mi. Mo ní ẹ jọ̀ọ́ sà, màmá ló máa jókòó síwájú. Ó wò mí. Màmá náà wò mí. Lọ́dọ̀ wa, ta ló máa gbé àgbà sẹ́yìn kí ọmọ wọn jókòó síwájú? Mo ti ti àga sẹ́yìn fún wọn kí wọ́n lè na ẹsẹ̀, kí n tó rántí pé lọ́dọ̀ tiwọn, ẹni tó sanwó ló ni ìrìn àjò. Ọmọ náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ mo rí i pé kò tẹ́ ẹ lọ́rùn, ó sì wọ ẹ̀yìn lọ.

Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ báyẹn, mi ò lè dáwọ́ dúró mọ́. Tí a bá dé oríta, màmá ni mò ń bi pé ṣé ká máa lọ. Tí a bá fẹ́ sọ̀kalẹ̀, màmá ni mò ń tọrọ àyè lọ́wọ́ wọn. Ọmọ náà sọ fún mi láti ẹ̀yìn, tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ o, pé òun lòun fi ètò ìrìn àjò ránṣẹ́ sí ọ̀gá mi. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni sà. A dé oríta míì, ọ̀dọ̀ màmá náà ni ẹnu mi tún lọ.

Ìgbèríko ibẹ̀ dára, ó wù mí kí ẹ rí i. Òkè lọ súà, koríko bò ó, àgùntàn wà lórí ẹ̀ bí òwú tí wọ́n sá sóòrùn. Títì wọn tín-ín-rín débi pé mọ́tò méjì ò lè kọjá lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹnì kan á yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kí èkejì lè kọjá, wọ́n á sì juwọ́ síra wọn. Mo juwọ́ títí apá fi ń ro mí. Ní Mọ́lété, ta ló máa yà fún ta?

Ilé ọba kan tó wà létí adágún omi la kọ́kọ́ dé. Ògiri ẹ̀ nípọn ju ti gbọ̀ngàn Mápó lọ, àmọ́ òjò ti gba inú ẹ̀. Mo ṣàlàyé bí wọ́n ṣe jagun níbẹ̀, bí ọmọ ṣe gba ilé mọ́ bàbá ẹ̀ lọ́wọ́. Mo bi màmá bí wọ́n ṣe rí i. Wọ́n ní ó dára gan-an. A dé ṣọ́ọ̀ṣì àtijọ́ kan, òpó rẹpẹtẹ, kò sí òrùlé. Wọ́n ní ó dára gan-an. A dé ibi tí wọ́n to òkúta gogoro yípo sí nínú pápá, tẹ́nikẹ́ni ò mọ ẹni tó tò ó. Ọmọ ń ya fọ́tò, ó ń pe ìyá ẹ̀ kó wá dúró sáàárín. Màmá dúró, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n ní ó dára gan-an.

Màmá, mo mọ ohùn yẹn. Ẹni tó bá ní ó dára, tí kò béèrè nǹkan kan, tí kò fọwọ́ kan nǹkan kan, kò tíì rí ohun tó bá wá.

Nígbà tí ìrun Àìlà tó, ọmọ náà ti gun òkè kan lọ láti ya fọ́tò. Màmá ní àwọn máa dúró sínú mọ́tò. Mo tọrọ àyè, mo kírun lórí koríko, wọ́n sì bá mi gbé kóòtù mi lé itan. Bí mo ṣe kírun tán, mo lọ bá wọn, mo bi wọ́n bóyá ibì kan wà tó wù wọ́n fúnra wọn láti dé ní gbogbo àgbègbè yẹn. Wọ́n ní kò sí. Mi ò kúrò níbẹ̀. Nígbà tó yá, wọ́n ní abúlé kan wà lẹ́yìn òkè, ibẹ̀ ni ìyá tó bí àwọn ti wá. Ìyá yẹn ń fún wàrà màlúù fún olóko kan níbẹ̀ kó tó wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Kánádà, kò sì padà débẹ̀ mọ́ títí ó fi kú. Tó bá ń ṣàìsàn, orúkọ abúlé náà ló máa ń pè.

Mo ní kí ló dé tí wọn ò sọ fún ọmọ wọn. Wọ́n ní ọmọ náà ti ṣe wàhálà púpọ̀ lórí ìrìn àjò yìí, inú ẹ̀ sì ń dùn, àwọn ò fẹ́ bà á nínú jẹ́. Wọ́n ní ilé ọba ló rò pé àwọn fẹ́ wò.

Ọ̀rọ̀ yẹn wọ̀ mí lára. Mo gun òkè lọ bá ọmọ náà, mo sì sọ ọ́ fún un. Ó kọ́kọ́ bínú. Ó ní ààfin tí a fẹ́ fi parí ètò ló kù, òun sì ti san owó ìwọlé ẹ̀, tí a bá yà báyìí, ó ti lọ nìyẹn. Èmi náà mọ̀ pé tó bá pe ọ̀gá mi, ọ̀rọ̀ mi lè di ẹjọ́. Mo ní mi ò fi dandan mú un, kó kàn lọ bi ìyá ẹ̀. Ó dúró síbẹ̀, ó ń wo mọ́tò nísàlẹ̀. Ó wá bi mí pé kí ló dé tó fi jẹ́ èmi ni ìyá òun sọ fún. Mo ní mo béèrè ni. Ó sọ̀kalẹ̀ lọ bá wọn, ìgbà tí mo fi débẹ̀, ó ní ká máa lọ sí abúlé náà.

Kò sí abúlé níbẹ̀ mọ́. Ògiri ilé màlúù kan ló kù, kò ga ju àyà lọ, àti ọpọ́n òkúta tí màlúù fi ń mumi. Màmá tó ń tẹ̀pá láti àárọ̀ ju ọ̀pá sílẹ̀. Wọ́n ki ọwọ́ bọ omi òjò tó wà nínú ọpọ́n náà, wọ́n fi nujú, wọ́n ń rẹ́rìn-ín, wọ́n ń sunkún. Wọ́n wá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ìtàn tí ọmọ wọn ò gbọ́ rí, bí ìyá wọn ṣe máa ń kọrin fún màlúù kí wàrà tó jáde, àti màlúù burúkú kan tó máa ń ta á nípàá. Ọmọ náà jókòó sórí koríko tútù pẹ̀lú ṣòkòtò olówó ńlá tó wọ̀, kò ya fọ́tò kan ṣoṣo. A ò dé ààfin mọ́. Nígbà tí a ń padà, màmá sùn lọ fọnfọn lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ọmọ wọn sì ti ẹ̀yìn dúpẹ́ lọ́wọ́ mi.

Lọ́jọ́ kejì, ọ̀gá mi pè mí. Mo ti ń to àwíjàre. Ó ní ọkùnrin náà ti kọ̀wé pé tí àwọn bá tún padà wá, èmi làwọn fẹ́ kó gbé àwọn. Ó tún wá kìlọ̀ fún mi pé ètò ni ètò ń jẹ́. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni sà. Inú mi dùn gan-an, mo se ìrẹsì jẹ, mo jẹ àjẹyó.

Bí mo ṣe ń jẹun yẹn ni ọ̀rọ̀ tiwa bọ́ sí mi lọ́kàn. Lórí ilé Àkóbọ̀, a bi bíríkìlà léèrè irú òrùlé tó dáa. A bi ẹni tó gbẹ́ kànga. A lọ bi Mọ́gàjí agboolé wa, wọ́n ní kò burú. Kàmọ́rù bi mí, mo bi Kàmọ́rù. Ìgbà tí a pè yín, ilé ti parí, a kàn ní màmá, ilé yín ti ṣe tán. Ẹ ní ó dáa, ẹ̀yin ọmọ mi, Ọlọ́run á bù sí i. Ó dáa tí ẹ sọ yẹn, irú ti màmá Kánádà ni àbí òmíràn?

Mi ò mọ̀. Ó lè jẹ́ pé ilé Bẹ́yẹrúnkà ti sú yín lóòótọ́, pẹ̀lú òrùlé tó ń jò, àtẹ̀gùn tó ń pa yín lórúnkún, àti ọ̀kadà tó ń fẹ́ eruku sórí ọṣẹ. Ó sì lè jẹ́ pé ẹ ń bẹ̀rù Àkóbọ̀, níbi tí gbogbo ilé ti ní géètì, tẹ́nikẹ́ni ò ní kọjá kó dúró kí yín. Láti ilé wa dé Ọjà'ba, ẹ ò lè rìn kí wọ́n má dá yín dúró lọ́nà. Èmi tí mò ń dá gbé mọ bó ṣe ń rí.

Kàmọ́rù, má bínú. Iṣẹ́ tí o ṣe lórí ilé yẹn, Ọlọ́run á san án fún ẹ. Mi ò sọ pé kí wọ́n má kó, mi ò sì sọ pé kí wọ́n kó. Ohun tí màmá bá sọ ni mo fọwọ́ sí, gbogbo ẹni tó ń ka ìwé yìí sì ni ẹlẹ́rìí mi. Tí wọ́n bá ní Àkóbọ̀, ká kó wọn lọ tayọ̀tayọ̀. Tí wọ́n bá ní Bẹ́yẹrúnkà, ká fi páànù tuntun bo ilé bàbá wa, kí ayálégbé gba Àkóbọ̀.

Mo máa pè ní Jímọ̀, lẹ́yìn ìrun. Sídí, gbé fóònù fún màmá, kí o jáde síta, kí o sì pa ilẹ̀kùn dé. Má bá wọn dáhùn.

Màmá, kí Ọlọ́run fún yín ní àlàáfíà àti ẹ̀mí gígùn, kí orúnkún yín má ro yín mọ́, kí ọjà yín máa tà, kí ẹ jẹ èrè wa pẹ́. Ẹ bá mi kí Mọ́gàjí àti gbogbo ilé, ẹ kí àwọn èèyàn wa ní Òjé àti Kúdẹtì. Ẹ má wo owó tí a ti ná, ẹ má wo ojú Kàmọ́rù, ẹ má wo ojú mi. Ibi tó wù yín ni kí ẹ sọ.

Èmi ni ọmọ yín, tó bi màmá onímàmá léèrè kó tó rántí bi tiẹ̀,

Múfútáù.