Ẹni Tó Kúnlẹ̀ Sínú Fóònù Mi

Pálọ̀ tí o gbà fún mi,
Ìkìrun,
Ọjọ́ Ẹtì.

Mofolúwakẹ́ ọmọ mi, Àṣàkẹ́ mi,

Mo kí ọ kú iṣẹ́, mo kí ọ kú ìrìn, mo kí ọ kú ooru Èkó. Ṣé o ń sùn dáadáa? Ṣé oúnjẹ ń wọlé lẹ́nu? Ọlọ́run tó ń ṣọ́ ilé fún ẹni tí kò sí nílé á máa ṣọ́ ọ. Àtẹ̀gùn ilé iṣẹ́ yín kò ní yọ̀ mọ́ ọ lẹ́sẹ̀. Ẹni tí yóò ràn ọ́ lọ́wọ́ kò ní sùn, kò ní rìnrìn àjò, fóònù rẹ̀ kò sì ní há mọ́ ọn lọ́wọ́. Àmín. Àdúrà tó kẹ́yìn yẹn ni ìdí tí mo fi ń kọ lẹ́tà, nítorí fóònù tèmi há lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, inú rẹ̀ náà sì ni nọ́ńbà rẹ wà, n kò kọ ọ́ síbì kan.

Ọwọ́ ara mi ni mo fi kọ èyí. Ìwé mẹ́fà tí mo kà nígbà èwe ti fẹ́ẹ̀ gbàgbé mi, kíláàsì àwọn àgbà tí o forúkọ mi sí ló ń jí i. Ẹ̀gbẹ́ fèrèsé ni mo máa ń jókòó. N kò tíì bá wọn sọ̀rọ̀ púpọ̀, mo kàn ń wò wọ́n ni. Obìnrin kan wà tó máa ń lá pẹ́ńsù kó tó kọ nọ́ńbà mẹ́jọ, mẹ́jọ nìkan ṣoṣo. Bàbá kan wà tó ń wọ gíláàsì ìyàwó rẹ̀ wá, ìyàwó náà á sì wá gbà á ní aago mọ́kànlá láti fi lọ ata. Gbogbo wọn mọ ara wọn láti kékeré. Èmi ni wọ́n ń pè ní Ìyá Igbaye, nítorí ibi tí mo ti wá. Olùkọ́ Rẹ̀mí ní tí mo bá ń pẹ́ díẹ̀ síbẹ̀, ara mi á mọlé. Ara mi kò tíì mọlé. Mo máa ń gbálẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́ta lójúmọ́, kí n ṣáà lè rí nǹkan ṣe.

Gbogbo ilé ń kí ọ. Òjò ti rọ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Àkùkọ onílé kò mọ àárọ̀ yàtọ̀ sí ọ̀sán, agogo méjì ọ̀sán ló máa ń kọ. Wọ́n mú ìròyìn wá láti Igbaye pé òrùlé wa kò jò.

Ọ̀rọ̀ náà rèé. Ṣé o rántí eré tí o fi sínú fóònù mi lọ́jọ́ tí o kó mi dé ibí, tí o ní kó máa bá mi gbélé? Èyí tí èèyàn fi ń ní ilé kékeré àti ọgbà kékeré. O yan èèyàn kúkúrú kan, o wé gèlè fún un, o ní èmi nìyẹn. O yan òmíràn tó wọ aṣọ yẹ́lò, o ní ìwọ nìyẹn, o ní láti Èkó o lè gba inú fóònù tìrẹ wọlé wá kí mi nínú ọgbà mi. Mo rò pé o ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni. Ṣùgbọ́n láti ọdún Àjíǹde tí a ti jà, ibẹ̀ nìkan ni mo ti ń rí ọ. O kò pè mí, èmi náà kò pè ọ́. Ní aago méje ààbọ̀ àárọ̀ ni o máa ń dé. O ó ṣí gééètì, o ó bomi rin tòmátò mi, o ó sì lọ. N kì í sọ̀rọ̀, n kò mọ ojú ibi tí wọ́n ti ń sọ ọ́. Mo máa ń wò ọ́ bóyá o rù ni. Aṣọ yẹ́lò yẹn kan náà ni o ń wọ̀ láti Àjíǹde títí di ìsinsìnyí, ó ń kọ mí lóminú, n kò kàn rẹ́ni sọ ọ́ fún.

O mọ ohun tí mo ṣe lọ́jọ́ Àjíǹde. O ti kó ewúrẹ́ mi mẹ́rẹ̀ẹ̀rin fún àwọn ará Igbaye láìbi mí, o ní ta ni yóò máa bọ́ wọn. Mo bínú. O kúnlẹ̀ sórí símẹ́ǹtì yìí, o ní Màmá ẹ jọ̀ọ́. Mo dìde, mo wọ yàrá, mo ti ilẹ̀kùn. N kò sọ fún ọ pé dìde. Mo dúró lẹ́yìn ilẹ̀kùn, mo ń retí kí o tún bẹ̀ mí lẹ́ẹ̀kan sí i kí n lè ṣí i. Nígbà tí mo jáde, o ti lọ sí gáréèjì. Ojú ibi méjì tí orúnkún rẹ ti nu eruku kúrò ṣì ń hàn nílẹ̀. N kò gbá ibẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta.

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, o dé bí ìṣe rẹ. O kò lọ sídìí tòmátò. O wá síwájú mi gan-an, o kúnlẹ̀, ibẹ̀ ni gbogbo nǹkan dúró sí. Adìyẹ kan tó ń kọjá gbé ẹsẹ̀ sókè, kò gbé e sílẹ̀ mọ́. Omi tó ń jáde lẹ́nu ẹ̀rọ dúró bí òwú. Mo ní dìde, ọmọ mi. O kò dìde. Mo rò pé mo sọ ọ́ jẹ́jẹ́ jù ni, mo gbé ẹnu sún mọ́ ihò ibi tí a ń sọ̀rọ̀ sí, mo ní dìde, Olúwa á gbé ọ ga. O kò mira. Mo kì ọ́ tán pátá. Ìyàwó onílé bi mí láti ọ̀dẹ̀dẹ̀ pé ṣé mo ní àlejò ni, mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní kí ni mo fẹ́ fún un jẹ. Mo ká ìró mi sí mẹ́rin, mo tẹ́ fóònù náà lé e lórí, nítorí orúnkún rẹ.

Mo gbé e lọ sọ́dọ̀ Fúnṣọ́ tó ń tún fóònù ṣe nítòsí ọjà. Ó wò ó, ó rẹ́rìn-ín, ó ní Mọ́mì, kò sí wàhálà kankan níbí, ó kàn háńgì ni. Ó ní kí òun tẹ bọ́tìnnì ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ méjèèjì pọ̀ títí tí yóò fi kú, tó bá jí, á ti gbàgbé. Mo ní ẹni tó kúnlẹ̀ ńkọ́? Ó fa fóònù sójú, ó ní ẹni yìí kò kúnlẹ̀ o, koríko ló ń tu. Mo bi í pé ìwọ Fúnṣọ́, ta lo rí tó ń tu koríko tí ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì wà lórí itan? Ó ní ẹ̀yin náà Mọ́mì, eré ni. Mo sọ fún un pé mo ti fi ẹnìkan sílẹ̀ lórí ìkúnlẹ̀ rí, mo ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn, n kò lè ṣe é lẹ́ẹ̀kejì. Ó wá sọ pé nígbà náà kí n tètè wá nǹkan ṣe, torí bátìrì ti ń lọ, ẹnu ibi tí wọ́n ń ki wáyà bọ̀ sì ti bàjẹ́, òun kò sì lè tún un ṣe àfi tí òun bá pa fóònù náà ná. Ara mi kò balẹ̀ mọ́ látìgbà yẹn.

Mo sáré dé kíláàsì. Olùkọ́ Rẹ̀mí gbé fóònù wọn ńlá tó fẹ̀ bí síléètì jáde, wọ́n ní kí n wo bó ṣe rọrùn tó. Wọ́n fi ìka fa ìsàlẹ̀ rẹ̀, gbogbo ohun tó ṣí níbẹ̀ tò bí aṣọ tí wọ́n sá sórí okùn, wọ́n fi ìka kan gbá ọ̀kan sókè, ó fò lọ. Bí ẹni ń lé eṣinṣin! Mo fa tèmi mọ́ àyà, mo ní ọmọ mi ń bẹ nínú rẹ̀. Gbogbo kíláàsì rẹ́rìn-ín, àfi obìnrin tó ń lá pẹ́ńsù, òun bi mí pé ọmọ wo ni. Òun ni ẹni àkọ́kọ́ tó bi mí ní nǹkan níbẹ̀.

Wọ́n ní kí n wá Ìtùnúolúwa lọ sí Inísà, ọmọbìnrin tó ń fi kọ̀ǹpútà tẹ̀wé fún aráàlú, pé ó lóye. Mo wọ bọ́ọ̀sì, mo gbé fóònù dání bí ẹni gbé àwo ọbẹ̀ tó kún, n kò jẹ́ kó dojú bolẹ̀. Ọmọ dáadáa ni. Eré kan há sínú kọ̀ǹpútà tirẹ̀ náà, mọ́tò kan já kúrò lórí afárá, ó dúró sínú òfúrufú. Ó tẹ bọ́tìnnì mẹ́ta lẹ́ẹ̀kan náà, orúkọ tò jáde bí ìgbà tí olùkọ́ fẹ́ pe orúkọ àwọn ọmọ ilé-ìwé, ó yan orúkọ eré náà, ó sọ fún un pé iṣẹ́ rẹ parí, mọ́tò náà sì pòórá. Kò kí i, kò dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ní kí n fọkàn balẹ̀, pé ẹ̀yin tí ẹ ń ṣeré yẹn kò sí nínú fóònù, pé o ti dìde tipẹ́, o ti jẹun, o ti lọ síbi iṣẹ́. Mo bi í pé ìwọ Ìtùnúolúwa, ṣé ọmọ mi bá ọ sọ̀rọ̀ ni? Ó ní rárá, Mà. Mo ní nígbà náà o kò lè mọ̀. Bátìrì ku mẹ́tàlélógún nínú ọgọ́rùn-ún.

Ẹnìkan ní gáréèjì ní kò sí ẹni tó mọ̀ nípa eré tó Ayọ̀midọ̀tun tó ń gbowó lọ́wọ́ àwọn ọ̀dọ́ láti gbá bọ́ọ̀lù lórí tẹlifíṣọ̀n ní Òkukù. Mo tún wọkọ̀. Bí mo ṣe ń wọ ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ni bọ́ọ̀lù tiwọn náà há. Agbábọ́ọ̀lù kan gbé ẹsẹ̀ sókè ní ẹnu góòlù. Gbogbo wọn ń pariwo. Ayọ̀midọ̀tun ti na ọwọ́ sí bọ́tìnnì ara àpótí rẹ̀, ó ní ẹ dákẹ́! Ó yíjú sí ẹni tó ń borí, ó ní ṣé o gbà kí n pa á? Ìyẹn ní òun gbà, ṣùgbọ́n kí wọ́n mọ̀ pé góòlù nìyẹn o. Ó bi ẹni tí wọ́n ń borí, òun náà ní òun gbà, góòlù kọ́, ìyà wo ló ń jẹ ọ̀lẹ yìí. Ìgbà náà ló tó tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ títí iná rẹ̀ fi kú. Mo rojọ́ tèmi fún un, ó ní Màmá, ẹ̀ẹ̀mẹ́wàá lóòjọ́ ni mo ń pa á, kò sẹ́ni tó kú rí. Ṣùgbọ́n ó ní tí ọ̀kan bá pa á tí èkejì kò mọ̀, èkejì á rò pé ó sá fún òun ni, ìjà á dé. Ó wá bi mí pé ẹnì kejì tiyín ńkọ́, ṣé ẹ ti sọ fún un?

Mo jókòó sórí bẹ́ǹṣì rẹ̀. Igbaye kò jìnnà sí ibẹ̀ mọ́, mo rò ó pé kí n kúkú lọ sílé mi. Mo wá rò ó pé tí o bá wá mi wá, Ìkìrun ni o máa wá mi sí.

Nínú bọ́ọ̀sì tó ń padà bọ̀ ni bátìrì tán. Mo rí i pé ojú fóònù ń ṣókùnkùn, mo kígbe pé dìde! Awakọ̀ tẹ bíréèkì, ó ní ta ló ń sọ̀? Obìnrin tó gbé agbọ̀n sẹ́sẹ̀ ní àmín, bóyá ó rò pé mo ń gbàdúrà ni. Nígbà tí mo tún wolẹ̀, ojú ara mi nìkan ni mo rí nínú gíláàsì dúdú yẹn.

Fúnṣọ́ ti tún ẹnu rẹ̀ ṣe. Fóònù náà wà lórí tábìlì níwájú mi báyìí, Fúnṣọ́ ní kí n kàn tẹ̀ ẹ́, ó máa tàn. N kò tíì tẹ̀ ẹ́. Mo ti gbé e wò lẹ́ẹ̀mẹsàn-án láti ìgbà tí mo ti ń kọ lẹ́tà yìí. Olùkọ́ Rẹ̀mí ń bọ̀ ní Èkó lọ́la, wọ́n á gbé lẹ́tà yìí fún ọ níbi iṣẹ́ rẹ, mo da àdírẹ́sì rẹ̀ kọ láti ara báàgì tí o fi kó aṣọ mi wá. Mo fẹ́ kí o kọ́kọ́ gbọ́ kí n tó tan nǹkan kan.

Ewúrẹ́ yẹn kò burú mọ́. Mo gbọ́ pé èyí tó ní funfun níwájú orí bí ìbejì, wọ́n sì ń jẹun.

Owó ni mo máa ń tọrọ tí ọ̀rọ̀ wa bá fẹ́ parí báyìí. Mo tọrọ rẹ̀ lónìí náà, ṣùgbọ́n má fi í ránṣẹ́. Fi í wọkọ̀ wá. Ra aṣọ mìíràn pẹ̀lú, aṣọ yẹ́lò yẹn ti tó.

Lọ́jọ́ Àìkú, tí mo bá ti ṣọ́ọ̀ṣì dé, màá tan fóònù náà. Ọlọ́run kò ní jẹ́ kí ojú tì ọ́ níwájú ẹnikẹ́ni. Ilẹ̀kùn tí o bá kàn kò ní tì mọ́ ọ, tèmi náà kò ní tì mọ́ ọ mọ́ láéláé. Tó bá jẹ́ pé koríko lo ń tu lóòótọ́, bí Fúnṣọ́ ṣe wí, fi koríko sílẹ̀. Tó bá jẹ́ pé èmi ni o kúnlẹ̀ fún, mo ti rí ọ, mo ti gbọ́, ó pẹ́ lẹ́nu mi ni.

Dìde, ọmọ mi.

Èmi ni ìyá rẹ,
Ìyá Mofolúwakẹ́.